Ìpínlẹ̀ Méjìlá àti Ìdá Méjì nínú Mẹ́ta: Ẹjọ́ Ìdìbò Ọdún 1979 àti Àwọn Ará Oko Ìbàdàn

Ní ìparí oṣù Kẹsàn-án ọdún 1979, nígbà tí kòkó ń pọ́n lórí igi, ìṣirò kan gba ẹnu àwọn àgbẹ̀ ní àwọn abúlé tó yí Ìbàdàn ká. Láti Mọ́níyà dé Ìkéréku ní ilẹ̀ Akínyẹlé, láti Lálúpọn dé Ejíòkú ní Lágelú, ní Ẹgbẹ́dá àti Erúnmu, títí dé Ajíà àti Àkànrán ní agbègbè tí à ń pè ní Ọ̀nà-Àrà lónìí, ìbéèrè kan náà ni wọ́n ń bi ara wọn nídìí rédíò: kí ni ìdá méjì nínú mẹ́ta ohun mọ́kàndínlógún? Ẹni tí kò ka ìwé kankan rí ń fi èkùrọ́ kà á sílẹ̀. Akẹ́kọ̀ọ́ tó wá lo ìsinmi lọ́dọ̀ bàbá rẹ̀ ń fi gègé ṣe é lórí pépà. Ibi kan náà ni ìṣirò àwọn méjèèjì ń já sí, ibẹ̀ gan-an sì ni ìjà ti bẹ̀rẹ̀: méjìlá, ó sì ku ìdá méjì nínú mẹ́ta ẹyọ kan tí kò mọ ibi tí yóò wọ̀.

Ọ̀rọ̀ tí a gbé síwájú àwọn olùwòran ní alẹ́ yìí ni ti ẹjọ́ tí Olóyè Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀ pe Alhaji Shehu Shagari lórí ipò Ààrẹ Nàìjíríà. Ọ̀pọ̀ ni ó ti kọ nípa ẹjọ́ náà ní ojú ìwòye àwọn amòfin àti ti àwọn olóṣèlú. Ohun tí ó yẹ kí á tún wò ni pé ẹjọ́ ọ̀rọ̀ ẹnu ni. Kò sí ẹni tí ó gbé àpótí ìbò wá sí iwájú adájọ́ láti tún un kà. Gbólóhùn kan ṣoṣo nínú òfin ni wọ́n ń túmọ̀, ìtumọ̀ gbólóhùn náà ni ó sì sọ ẹni tí yóò jókòó sórí àga.

Ìjọba ológun Ọ̀gágun Olúṣẹ́gun Ọbásanjọ́ ti ṣèlérí pé àwọn yóò gbé ìjọba fún alágbádá ní ọjọ́ 1 oṣù Kẹwàá ọdún 1979. Ìdìbò márùn-ún ni wọ́n ṣe láàárín oṣù Keje àti oṣù Kẹjọ, ti Ààrẹ sì ni ó kẹ́yìn, ní ọjọ́ 11 oṣù Kẹjọ. Ẹni márùn-ún ni ó díje. Shagari ti ẹgbẹ́ NPN ní ìbò 5,688,857. Awólọ́wọ̀ ti ẹgbẹ́ UPN ní 4,916,651. Nnamdi Azikiwe, Aminu Kano àti Waziri Ibrahim ni ó tẹ̀ lé wọn. Ní Ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́, nínú èyí tí gbogbo oko Ìbàdàn wà, nínú ìbò ọgọ́rùn-ún tí wọ́n dì, ó lé ní 85 tí ó jẹ́ ti Awólọ́wọ̀.

Ṣùgbọ́n òfin kò ní kí ẹni tí ìbò rẹ̀ pọ̀ jù sáà wọlé bẹ́ẹ̀. Wọ́n kò fẹ́ Ààrẹ tí ẹ̀yà kan péré yóò gbé dé ibẹ̀. Nítorí náà ni òfin ìdìbò ọdún 1977 ṣe béèrè ohun méjì: kí ìbò olúwarẹ̀ pọ̀ ju ti àwọn yòókù lọ, kí ó sì ní ó kéré tán ìdá kan nínú mẹ́rin ìbò tí wọ́n dì nínú ọ̀kọ̀ọ̀kan ìpínlẹ̀ tí kò dín ní ìdá méjì nínú mẹ́ta gbogbo ìpínlẹ̀ tó wà ní Nàìjíríà. Bí kò bá sí ẹni tí ó ní èyí, àwọn aṣòfin àpapọ̀ àti ti ìpínlẹ̀ ni yóò péjọ láti yan ọ̀kan nínú ẹni méjì.

Ìpínlẹ̀ mọ́kàndínlógún ni Nàìjíríà ní nígbà náà, láti oṣù Kejì ọdún 1976 ni ó sì ti rí bẹ́ẹ̀. Èyí túmọ̀ sí pé nígbà tí àwọn tó kọ òfin náà jókòó, wọ́n mọ iye ìpínlẹ̀ tó wà, ọmọ ilé-ìwé kékeré sì lè sọ fún wọn pé mọ́kàndínlógún kò ṣe é pín sí mẹ́ta lọ́gbọọgba. Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo, mẹ́tàlá, ì bá ti gba gbogbo wọn sílẹ̀. Wọn kò kọ ọ́.

Shagari ní ju ìdá kan nínú mẹ́rin lọ ní ìpínlẹ̀ méjìlá. Ní ìkẹtàlá, èyíinì ni Kánò tí Aminu Kano ti fi ọwọ́ gbá ìbò lọ, 243,423 ni ó ní nínú 1,220,763. Kò tó ìdá márùn-ún pàápàá. Kí ó tó pé ìdá kan nínú mẹ́rin, ó ku bíi 61,768 ìbò. Ní ọjọ́ 16 oṣù Kẹjọ, FEDECO, àjọ tó ṣètò ìdìbò tí Olóyè Michael Ani jẹ́ alága rẹ̀, kéde pé Shagari ti wọlé: ó ní ìpínlẹ̀ méjìlá, ó sì ní ìdá kan nínú mẹ́rin ti ìdá méjì nínú mẹ́ta ìbò Kánò. Ní ọjọ́ 20 oṣù náà, Awólọ́wọ̀ gbé ìwé ìpẹ̀jọ́ lọ síwájú ìgbìmọ̀ tó ń gbọ́ ẹjọ́ ìdìbò.

Ẹni tí kò bá mọ ìtàn agbègbè Ìbàdàn lè rò pé ìgbésẹ̀ yìí kò ju ohun tí amòfin yòówù yóò ṣe lọ. Fún àwọn ará oko, ó ju bẹ́ẹ̀ lọ. A kì í ti kóòtù bọ̀ ká ṣọ̀rẹ́, bẹ́ẹ̀ ni àwọn àgbà máa ń sọ, nítorí náà kì í ṣe kóòtù ni wọ́n máa ń kọ́kọ́ rò bí ọ̀rọ̀ ìjọba bá dà wọ́n láàmú. Wọ́n sì ní ìdí mìíràn láti fura sí i. Ní ọdún 1962, nígbà tí Ọọ̀ni Adésọjí Adérẹ̀mí, Gómìnà Ìwọ̀-Oòrùn, yọ Olóyè S. L. Akíntọ́lá nípò Olórí Ìjọba, tí ó sì fi Alhaji D. S. Adégbẹnró rọ́pò rẹ̀, ọ̀rọ̀ náà dé kóòtù. Ilé-ẹjọ́ Tó Ga Jùlọ ní Èkó dá Akíntọ́lá láre. Wọ́n gbé e dé Lọ́ńdọ̀nù, níwájú ìgbìmọ̀ àwọn adájọ́ Ọba Gẹ̀ẹ́sì tí ẹjọ́ Nàìjíríà ń parí sí nígbà náà, àwọn yẹn sì dá Adégbẹnró láre ní oṣù Karùn-ún ọdún 1963. Kí ni ìdájọ́ náà mú wá? Àwọn aṣòfin ní Ìbàdàn yí òfin Ìwọ̀-Oòrùn padà, wọ́n sì ní kí àyípadà náà ti bẹ̀rẹ̀ láti ẹ̀yìn wá. Adégbẹnró jàre tán, Akíntọ́lá kò kúrò. Ọjọ́ náà ni ọ̀pọ̀ ènìyàn kọ́ pé ènìyàn lè jàre ní kóòtù kí ó má rí nǹkan kan mú bọ̀ wálé.

Ẹ̀kọ́ náà so èso burúkú. Nígbà tí ìdìbò Ìwọ̀-Oòrùn ti oṣù Kẹwàá ọdún 1965 dé, tí àwọn ènìyàn sì gbà pé wọ́n ti jí ìbò àwọn gbé, ta ni yóò tún gbé ìwé ẹjọ́? Epo bẹntiróòlù ni wọ́n gbé. Wẹ́tìẹ̀ ni orúkọ tí wọ́n fún un, ọ̀rọ̀ Gẹ̀ẹ́sì tó ti di Yorùbá lọ́nà tí kò sí ẹni tí ó fẹ́ rántí: kí wọ́n fi epo rin ènìyàn tàbí ilé rẹ̀, kí wọ́n sì ṣáná sí i. Iná náà kò tíì kú tán nígbà tí àwọn ológun gba ìjọba ní oṣù Kìn-ín-ní ọdún 1966. Lẹ́yìn ọdún méjì péré ni àwọn àgbẹ̀ fúnra wọn dìde. Agbẹ́kọ̀yà ọdún 1968 sí 1969, oko Ìbàdàn ni oríkò rẹ̀, Táfà Adéoyè ti Àkànrán sì ni orúkọ tí gbogbo ayé mọ̀ jù nínú àwọn aṣáájú rẹ̀. Owó orí ni wọ́n ń jà lé lórí, wọ́n sì ṣílẹ̀kùn ẹ̀wọ̀n Agodi kí wọ́n tó rí ẹni bá wọn sọ̀rọ̀ tí wọ́n gbà gbọ́. Ẹni náà ni Awólọ́wọ̀, tí ó jẹ́ Kọmíṣọ́nnà fún ètò ìṣúná ní ìjọba àpapọ̀ nígbà náà. Ó lọ bá wọn nínú oko wọn, owó orí sì wá sílẹ̀ sí pọ́n-ùn méjì.

Ìdí nìyí tí ìwé ìpẹ̀jọ́ ọjọ́ 20 oṣù Kẹjọ ọdún 1979 fi wúwo. Ọkùnrin tó wá bẹ àwọn ará Àkànrán ní ọdún mẹ́wàá sẹ́yìn pé kí wọ́n gbé ìbọn sílẹ̀ kí wọ́n sì fi ẹnu sọ ọ̀rọ̀ wọn, òun náà ni ó wá ń lo ohun tí ó fi bẹ̀ wọ́n. Bí òfin bá bà á jẹ́, ohun tí ó kọ́ wọn bà jẹ́ pẹ̀lú.

Ohun mìíràn tún wà tí ó mú ẹjọ́ náà sún mọ́ ilé. Olóyè Richard Akínjídé, ọmọ Ìbàdàn, agbẹjọ́rò àgbà, ni ó dúró fún Shagari, òun ni wọ́n sì mọ̀ mọ́ ìṣirò ìpínlẹ̀ méjìlá àti ìdá méjì nínú mẹ́ta. Ní ọjọ́ 28 oṣù Keje ọdún náà gan-an ni Bọ́lá Ìgè ti UPN ti borí rẹ̀ nínú ìdìbò gómìnà Ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́. Àwọn ará oko tí wọ́n kò dìbò fún un ní oṣù Keje wá ń gbọ́ ohùn rẹ̀ lórí rédíò ní oṣù Kẹsàn-án, tí ó ń fi ìdá kan ìpínlẹ̀ dá ẹni tí wọ́n dìbò fún dúró. Kò sí àní-àní pé ọ̀pọ̀ nínú wọn bínú sí i. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá fẹ́ sọ òótọ́ yóò gbà pé iṣẹ́ agbẹjọ́rò ni ó ṣe, ó sì ṣe é dáadáa. Òfin fi àlàfo sílẹ̀, ó sì rí i. Lọ́yà G. O. K. Àjàyí ni ó ṣáájú àwọn tó dúró fún Awólọ́wọ̀.

Ní ọjọ́ 10 oṣù Kẹsàn-án, ìgbìmọ̀ olùgbẹ́jọ́ tí Adájọ́ B. O. Kazeem jẹ́ alága rẹ̀ dá Shagari láre. Awólọ́wọ̀ gbé ẹjọ́ lọ sí Ilé-ẹjọ́ Tó Ga Jùlọ ní Èkó. Ọjọ́ tí ìjọba ológun yóò lọ kò ju ọ̀sẹ̀ mẹ́ta lọ mọ́.

Ó yẹ kí á dúró díẹ̀ níbi ọ̀rọ̀ inú òfin náà. Èdè Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n fi kọ ọ́, ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá ń túmọ̀ rẹ̀ sí Yorùbá fún ìwé ìròyìn tàbí fún rédíò kò lè ṣàìkọsẹ̀ lára ọ̀rọ̀ méjì. Èkíní ni ọ̀kọ̀ọ̀kan. Ọ̀kan ni a sọ di méjì láti rí ọ̀rọ̀ yìí, ohun tí kì í bá ṣe odidi kò sì lè ní ọ̀kọ̀ọ̀kan. A lè sọ pé kí á fún ọ̀kọ̀ọ̀kan àwọn ọmọ ní iṣu; bí ọmọ méjìlá bá wà, kò sí ọ̀nà tí ọ̀rọ̀ náà fi lè kan ọmọ méjìlá àti apá kan. Ọ̀rọ̀ kejì ni ó kéré tán. Nínú ìṣirò Yorùbá, ohun tí kò tíì pé, a máa ń fi ohun tí ó kù kó pé pè é. Mọ́kàndínlógún fúnra rẹ̀, ogún tí ó dín ẹyọ kan ni. Bí a bá fi ojú yìí wo méjìlá àti ìdá méjì nínú mẹ́ta, mẹ́tàlá tí ó ku díẹ̀ kó pé ni. Ẹni tí wọ́n bá sì ní kí ó mú ohun kan wá tí kò gbọ́dọ̀ dín ní iye yìí, bí ohun náà kì í bá ṣe èyí tí wọ́n ń gé, mẹ́tàlá ni yóò mú wá.

Ibí yìí ni òye àwọn ará oko ti wúlò, nítorí pé pípín nǹkan kì í ṣe ọ̀rọ̀ ìwé fún wọn. Wọ́n mọ ohun tí à ń wọ̀n yàtọ̀ sí ohun tí à ń kà. Gàrí jẹ́ ohun tí à ń wọ̀n: ènìyàn lè ra kóńgò méjì ààbọ̀ ní ọjà Mọ́níyà, kò sì sí ẹni tí yóò yà lẹ́nu. Ewúrẹ́ jẹ́ ohun tí à ń kà. Ẹni tí ó bá sọ pé òun ní ewúrẹ́ méjì ààbọ̀, ewúrẹ́ méjì ni ó ní. Ààbọ̀ tó kù ti di ẹran. Ìbéèrè tí ó wà níwájú àwọn adájọ́ ní Èkó kò jìnnà sí èyí. Ṣé gàrí ni ìpínlẹ̀, àbí ewúrẹ́?

Kí á má sì rò pé ìdáhùn rẹ̀ rọrùn. Àwọn tó wà lẹ́yìn Shagari lè sọ pé ilẹ̀ ni ìpínlẹ̀, ilẹ̀ sì ń ṣe é pín. Kò sí abúlé kan ní Lágelú tàbí Akínyẹlé tí wọn kò ti pín oko kòkó fún ọmọ olóògbé rí, yálà ní ìdí-igi, èyí tí ilé ìyá kọ̀ọ̀kan ń gba ìpín kan, tàbí ní orí-ò-jorí, èyí tí ọmọ kọ̀ọ̀kan ń gba tirẹ̀. Àwọn kóòtù Nàìjíríà mọ ọ̀nà méjèèjì wọ̀nyí, wọ́n sì ti fi ìdájọ́ tì wọ́n lẹ́yìn. Nígbà tí ohun tó wà nílẹ̀ kò bá ṣe é pín ńkọ́? Bí ewúrẹ́ mọ́kàndínlógún bá wà fún ìdí-igi mẹ́ta, mẹ́fà-mẹ́fà ni wọn yóò mú, yóò ku ẹyọ kan. Wọn kì í gé e láàyè. Wọn yóò tà á, wọn yóò sì pín owó rẹ̀. Ohun tí FEDECO ṣe, tí ilé-ẹjọ́ sì gbà, kò ju èyí lọ: Kánò kò ṣe é gé gẹ́gẹ́ bí ìpínlẹ̀, nítorí náà wọ́n sọ ọ́ di ìbò, wọ́n sì gé ìbò. Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ bá àṣà wa mu.

Ṣùgbọ́n bí a bá ta ewúrẹ́, owó ni ó dì fún gbogbo ènìyàn. Kò sí mọ̀lẹ́bí tí yóò gbà kí wọ́n fi owó ka ìpín ẹnìkan kí wọ́n sì fi ewúrẹ́ odidi ka ti ẹlòmíràn. Kí á wá wo ìṣirò Kánò. Ìdá méjì nínú mẹ́ta 1,220,763 jẹ́ 813,842. Ìdá kan nínú mẹ́rin rẹ̀ jẹ́ nǹkan bíi 203,461. Wọ́n ní 243,423 tí Shagari ní ju èyí lọ, nítorí náà ó yege. Ibo ni wọ́n ti rí 243,423? Inú odidi Kánò ni. Wọ́n gé ohun tí ó yẹ kí ó ní sí ìdá méjì nínú mẹ́ta, wọ́n sì fi ohun tí ó ní sílẹ̀ ní odidi. Bí wọ́n bá gé méjèèjì, ìdá méjì nínú mẹ́ta 243,423 jẹ́ 162,282, èyí kò sì tó 203,461. Bí ó ti wù kí wọ́n gé Kánò tó, bí ọ̀bẹ náà bá kan apá méjèèjì, ìbò Shagari kò lè kúrò ní ìwọ̀n tí ó wà: kò pé ogún nínú ọgọ́rùn-ún. Àyàfi bí ẹnìkan bá fi ìka sí ilẹ̀ tí ó ní òun ń sọ, kí ó ní apá Dutse ni òun gé kúrò tàbí apá Gwarzo, kí ó sì tún ìbò tó kù kà. Kò sí ẹni tí ó ṣe bẹ́ẹ̀, òfin kò sì sọ ibi tí ọ̀bẹ yóò gbà.

Nítorí náà, ohun méjì péré ni ó yẹ kí ó ṣeé ṣe. Kí wọ́n gbà pé ìpínlẹ̀ kò ṣe é gé, kí wọ́n sì béèrè mẹ́tàlá. Tàbí kí wọ́n gé e, kí gbogbo rẹ̀ sì di gígé. Nínú méjèèjì, Shagari kò tíì wọlé lọ́jọ́ náà, àwọn aṣòfin ni yóò sì yàn. Ó ṣeé ṣe kí wọ́n yan Shagari náà. Ìbò rẹ̀ fi 772,206 ju ti Awólọ́wọ̀ lọ, ìpínlẹ̀ mẹ́fà péré sì ni Awólọ́wọ̀ ti ní ìdá kan nínú mẹ́rin. Kò sí ìṣirò kankan tó sọ pé Awólọ́wọ̀ ni ó wọlé. Àwọn tó ń sọ bẹ́ẹ̀ ní ilé-ọtí títí di òní ń fi ìfẹ́ rọ́pò ìṣirò.

Ní ọjọ́ 26 oṣù Kẹsàn-án, Ilé-ẹjọ́ Tó Ga Jùlọ sọ tirẹ̀. Adájọ́ méje ni wọ́n, Adájọ́ Àgbà Àtàndá Fatai-Williams, tí kò tíì pẹ́ lórí oyè, sì ni olórí wọn. Mẹ́fà nínú wọn da ẹjọ́ Awólọ́wọ̀ nù. Lójú ọ̀pọ̀ nínú wọn, òfin sọ ìdá méjì nínú mẹ́ta, kò sì sí ibi tí ó ti ní kí á sọ ìdá di odidi; bí ìjọba bá fẹ́ mẹ́tàlá, ìjọba ì bá ti kọ mẹ́tàlá. Èyí kì í ṣe ọ̀rọ̀ aláìgbọ́n. Adájọ́ kì í ṣe ẹni tó kọ òfin, kò sì yẹ kí ó máa fi ọwọ́ ara rẹ̀ dí ihò tí ẹlòmíràn fi sílẹ̀.

Adájọ́ Andrews Obaseki wà nínú àwọn mẹ́fà, ṣùgbọ́n ọ̀nà tirẹ̀ yàtọ̀. Ó gbà pé mẹ́tàlá ni òfin ń wí. Ohun tí ó gbára lé ni pé ìdìbò náà lápapọ̀ ti tẹ̀ lé òfin tó bẹ́ẹ̀ tí àbùkù yẹn kò fi lè bà á jẹ́. Ẹni tó kù, Adájọ́ Káyọ̀dé Èṣó, dá dúró. Ó di ọ̀rọ̀ ọ̀kọ̀ọ̀kan mú, kò sì jẹ́ kí ó bọ́. Lójú tirẹ̀, ìpínlẹ̀ jẹ́ ohun tó dúró ní odidi, kò ṣe é gé sí wẹ́wẹ́, mẹ́tàlá ni òfin béèrè, Shagari kò sì ní in. Ẹnìkan nínú méje kò lè yí ìdájọ́ padà. Síbẹ̀, nígbà tí ọ̀rọ̀ rẹ̀ dé etí àwọn ará oko nípasẹ̀ rédíò àti ìwé ìròyìn Yorùbá, ó ṣe ohun kan fún wọn tí àwọn tó wà ní Èkó lè má mọ̀. Ohun tí wọ́n ti ń sọ lábẹ́ igi láti oṣù Kẹjọ, adájọ́ kan ti sọ ọ́ nílé-ẹjọ́, ó sì wà lákọsílẹ̀. Ènìyàn lè jẹ̀bi kí ọkàn rẹ̀ má gbóná púpọ̀, bí ó bá rí i pé wọ́n gbọ́ ohun tí òun wí.

Bóyá ìdí nìyẹn tí irú iná ọdún 1965 kò fi jó. Awólọ́wọ̀ jẹ̀bi, ó sì lọ sílé. Ní ọjọ́ 1 oṣù Kẹwàá, ọjọ́ márùn-ún lẹ́yìn ìdájọ́, Shagari búra, ó sì fi Akínjídé ṣe mínísítà ètò ìdájọ́. Ní oko Ìbàdàn, wọ́n ká kòkó wọn. Àlàáfíà tí ilé-ẹjọ́ rà nìyẹn. Ohun tó yẹ kí á béèrè ni iye tí wọ́n rà á.

A bẹ̀rẹ̀ sí í rí iye náà ní ọdún 1983. Nígbà tí FEDECO kéde ní oṣù Kẹjọ ọdún yẹn pé Shagari tún wọlé, Awólọ́wọ̀ kò padà sí kóòtù mọ́. Lẹ́yìn ìdìbò gómìnà ọ̀sẹ̀ kan lẹ́yìn náà, iná tún jó ní Oǹdó àti Ọ̀yọ́, ẹ̀mí sì ṣòfò. Ní Oǹdó, Olóyè Michael Ajásin gbé ọ̀rọ̀ lọ sílé-ẹjọ́, wọ́n sì dá a láre lórí Akin Ọmọ́bọ́rìowó tí àjọ ìdìbò ti kéde, títí dé Ilé-ẹjọ́ Tó Ga Jùlọ. Nítorí náà kò tọ́ kí á sọ pé kóòtù Nàìjíríà kò lè yí èsì ìdìbò padà nígbà náà. Ṣùgbọ́n ilé tó ti jó kò mọ ẹni tó jàre. Ní ọjọ́ 31 oṣù Kejìlá ọdún 1983, àwọn ológun padà dé, gómìnà tó jàre àti èyí tó jẹ̀bi sì jọ lọ sílé.

Ohun kan wà tí ó yẹ kí ó pa ni lẹ́rìn-ín. Láti ọdún 1979, gbogbo ìgbà tí ìjọba ológun dá ìpínlẹ̀ tuntun sílẹ̀, iye tí wọ́n dé ni ó ṣe é pín sí mẹ́ta lọ́gbọọgba: 21 ní ọdún 1987, 30 ní ọdún 1991, 36 ní ọdún 1996. Bóyá wọ́n mọ̀ọ́mọ̀ ṣe é ni o, bóyá ó ṣèèṣì ni, ìdá méjì nínú mẹ́ta 36 jẹ́ 24 gérégé, ọ̀bẹ kò sì ní iṣẹ́ mọ́. Ó jọ pé ọ̀rọ̀ ti tán.

Kò tán. Òfin ọdún 1999 béèrè ìdá kan nínú mẹ́rin ìbò nínú ọ̀kọ̀ọ̀kan ìpínlẹ̀ tí kò dín ní ìdá méjì nínú mẹ́ta gbogbo ìpínlẹ̀, àti Abuja, olú-ìlú. Lẹ́yìn ìdìbò ọjọ́ 25 oṣù Kejì ọdún 2023, Bọ́lá Tinúbú kò ní ìdá kan nínú mẹ́rin ní Abuja, Atiku Abubakar àti Peter Obi sì gbé e lọ sílé-ẹjọ́. Nínú ẹ̀sùn wọn, ọ̀rọ̀ kékeré kan tún wà ní àárín ọ̀nà: àti. Ṣé ó túmọ̀ sí pé Abuja dá dúró gẹ́gẹ́ bí ohun kejì tí òfin béèrè, àbí pé kí á ka Abuja mọ́ àwọn ìpínlẹ̀ bí ọ̀kan lára wọn? Àwọn àgbẹ̀ Lálúpọn tí bàbá wọn jókòó ti rédíò ní ọdún 1979 gbọ́ èyí lórí fóònù wọn, wọ́n sì jiyàn lé e lórí bí àwọn bàbá wọn ti ṣe. Ní ọjọ́ 6 oṣù Kẹsàn-án àti ní ọjọ́ 26 oṣù Kẹwàá ọdún náà, ìgbìmọ̀ olùgbẹ́jọ́ àti Ilé-ẹjọ́ Tó Ga Jùlọ dá Tinúbú láre. Abuja kò ní agbára ju ìpínlẹ̀ kan lọ nínú ìṣirò náà.

Bí a bá sì ka Abuja mọ́ ìpínlẹ̀ 36, wọ́n di 37. Ìdá méjì nínú mẹ́ta 37 jẹ́ 24, ó sì ku ìdá méjì nínú mẹ́ta ẹyọ kan. Ibi tí Tinúbú ti ní ìdá kan nínú mẹ́rin ju 25 lọ dáadáa, nítorí náà kò sí ẹni tí ó ní láti béèrè ìpínlẹ̀ tí wọn yóò gé.